Ọkọ̀ Arábàbà: Àdán Àárín Omi àti Òfurufú

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní àdán kò ṣe eku, bẹ́ẹ̀ ni kò ṣe ẹyẹ. Ó ní eyín bí eku, ó sì ní apá bí ẹyẹ, ṣùgbọ́n bí ìdílé eku bá ń pàdé, wọn kì í ránṣẹ́ pè é. Bí ó bá sì yà sí ọ̀dọ̀ àwọn ẹyẹ, wọn a ní kí ó lọ bá àwọn ará ilé rẹ̀. Irú ọkọ̀ kan wà láyé tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ kò yàtọ̀ sí ti àdán. Ojú omi ni ó ti ń gbéra, ojú omi náà ni ó sì ń bà sí. Síbẹ̀, bí ó bá ti wà lẹ́nu ìrìn, ìdí rẹ̀ kì í kan omi mọ́. Ó ń fò, ṣùgbọ́n kì í sábà fò kọjá ibi tí orí ọ̀pẹ gbé ga dé. Àwọn ará Rọ́ṣíà, tí wọ́n kọ́ irú rẹ̀ tí ó tóbi jù lọ, pè é ní ekranoplan. Kí ni ó ń gbé e dúró? Kí ni ó dé tí irú iṣẹ́ ìyanu bẹ́ẹ̀ kò fi gba ayé kan? Kí ni ó sì kan ará Ọ̀wọ̀ àti ará Ọ̀sẹ̀ tí òkun jìnnà sí nínú ọ̀rọ̀ náà? Ìbéèrè mẹ́ta yìí ni ó yẹ kí a gbé yẹ̀ wò.

Orúkọ ni kí a kọ́kọ́ yanjú, nítorí ohun tí ènìyàn kò bá lè dárúkọ ní èdè rẹ̀, ó ṣòro kí ó tó mọ̀ ọ́n tán. Ohun tí orúkọ tí àwọn ará Rọ́ṣíà fún un ń tọ́ka sí ni ohun tí ń fò lórí gàgá, nítorí pé ilẹ̀ tàbí omi tí ó wà lábẹ́ rẹ̀ dà bí gàgá tí afẹ́fẹ́ kò lè gbà kọjá. Èdè Yorùbá ní ọ̀rọ̀ kan tí ó bá iṣẹ́ ọkọ̀ náà mu rẹ́gí: rábàbà. Ẹni tí ó bá ti ka ìbẹ̀rẹ̀ Ìwé Jẹ́nẹ́sísì nínú Bíbélì Yorùbá ti bá ọ̀rọ̀ náà pàdé, ojú omi gan-an ni wọ́n sì ti lò ó níbẹ̀. Nítorí náà, ọkọ̀ arábàbà ni a ó máa pè é nínú àlàyé yìí.

Agbára tí ọkọ̀ arábàbà ń lò kì í ṣe ohun àjèjì rárá. Ará Ọ̀wọ̀ tí ó bá ti wọ ọkọ̀ òfurufú wá sí Àkúrẹ́ rí ti bá a pàdé, bí kò tilẹ̀ mọ̀. Nígbà tí ọkọ̀ bá ti sọ̀ kalẹ̀, tí ó ku díẹ̀ kí ẹsẹ̀ rẹ̀ kan ọ̀dà, a máa dà bí ẹni pé ó ń lọ́ra láti balẹ̀; a máa lọ gẹ́rẹ́gẹ́rẹ́ bí ohun tí a gbé ka orí tìmùtìmù. Bí awakọ̀ bá sá eré jù ní àkókò yìí, ọkọ̀ náà lè léfòó lọ jìnnà kí ó tó fi ẹsẹ̀ tẹ ilẹ̀. Àwọn ẹyẹ omi náà mọ àṣírí yìí. Ẹyẹ òfù a máa na apá gbọọrọ, a sì máa fò lọ ní ìwọ̀n díẹ̀ sí ojú omi láì ju apá fún ìgbà díẹ̀. Kì í ṣe eré ni ó ń ṣe, agbára ni ó ń ṣọ́ lò. Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ pàápàá lè dán an wò nínú ilé. Bí ó bá jẹ́ kí bébà kan bọ́ pẹlẹbẹ láti ibi tí kò ga púpọ̀ sórí ilẹ̀ tí a fi sìmẹ́ǹtì rẹ́ dáadáa, ọ̀pọ̀ ìgbà ni bébà náà kì í balẹ̀ sójú kan. A máa yọ̀ lọ sí ẹ̀gbẹ́ lórí afẹ́fẹ́ tí ó há sí abẹ́ rẹ̀.

Kí a tó lè mọ ìdí abájọ, a ní láti mọ ohun tí ń gbé ọkọ̀ òfurufú èyíkéyìí dúró. Nígbà tí apá ọkọ̀ bá ń la afẹ́fẹ́ kọjá, afẹ́fẹ́ tí ó wà lábẹ́ apá a máa tì í sókè pẹ̀lú ipá tí ó ju èyí tí afẹ́fẹ́ òkè fi ń tì í sísàlẹ̀ lọ. Ìyàtọ̀ tí ó wà láàárín ipá méjèèjì ni ó ń gbé ọkọ̀ ró. Ṣùgbọ́n afẹ́fẹ́ dà bí omi: láti ibi tí ipá rẹ̀ ti pọ̀ ni ó ti ń sá lọ sí ibi tí ipá rẹ̀ ti kéré. Afẹ́fẹ́ abẹ́ apá yóò wá ọ̀nà, yóò sì gba etí ṣóńṣó apá pẹ́ sí òkè. Bí ó ti ń pẹ́ lọ bẹ́ẹ̀ ni yóò máa yí bìrìbìrì, títí tí yóò fi di ààjà méjì tí ń tọ ọkọ̀ lẹ́yìn, ọ̀kan lọ́tùn-ún, ọ̀kan lósì. Ààjà yìí kì í ṣe ọ̀fẹ́. Ó ń fa ọkọ̀ sẹ́yìn, epo ni a sì fi ń san gbèsè rẹ̀.

Bí apá bá wá sún mọ́ ilẹ̀ tàbí omi, ọ̀rọ̀ yí padà. Ààjà kò rí àyè yí bí ó ti wù ú mọ́, nítorí pé ilẹ̀ ti dí i lọ́wọ́. Afẹ́fẹ́ abẹ́ apá náà kò tètè rí ibi sá gbà; ó há sí àárín apá àti omi, ó sì ń ti apá sókè ju ti tẹ́lẹ̀ lọ. Àwọn onímọ̀ ti ṣírò bí èrè náà ti tó. Kí a mú ìbú apá ọkọ̀ láti ṣóńṣó kan dé èkejì ṣe òṣùwọ̀n. Bí ọkọ̀ bá ga sókè tó ìbú náà gan-an, ìfàsẹ́yìn tí ààjà ń fà kò dín ju nǹkan bí 1.4 nínú 100 lọ. Bí ó bá sọ̀ kalẹ̀ dé ìdá kan nínú mẹ́rin ìbú náà, ìfàsẹ́yìn yóò dín ní 23.5 nínú 100. Bí ó bá wá dé ìdá kan nínú mẹ́wàá, yóò dín ní nǹkan bí 47.6 nínú 100, èyí tí ó fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ìdajì.

Láti inú ìṣirò yìí ni a ti lè rí ìdí tí àwọn tí ó fẹ́ jàǹfààní rẹ̀ fi ń kọ́ ọkọ̀ ńláńlá. Ọkọ̀ tí ìbú apá rẹ̀ jẹ́ mítà márùn-ún gbọ́dọ̀ fò ní ìdajì mítà sí omi kí ó tó rí èrè ìdajì náà gbà, ìgbì kékeré kan sì tó láti gbá a. Èyí tí ìbú apá rẹ̀ ju 37 mítà lọ lè wà ní ìwọ̀n mítà mẹ́ta àti ààbọ̀, kí ó sì rí èrè kan náà gbà. Bí ọkọ̀ bá ti tóbi tó ni ìgbì tí ó lè fojú fò ṣe ń tóbi tó.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe fi ọkọ̀ arábàbà pe hovercraft, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé ìbátan ni wọ́n. Hovercraft ni Christopher Cockerell, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, gbé jáde, tí SR.N1, àkọ́kọ́ nínú wọn, sì la òkun tí ó wà láàárín Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé kọjá ní oṣù July ọdún 1959. Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà náà ti fi ojú kan irú ọkọ̀ yìí: ní ọdún 1969, SR.N6 kan gbéra láti Dakar ní ilẹ̀ Sẹ̀nẹ̀gà fún ìrìn-àjò ìwádìí, ó sì gba ojú odò Ọya àti odò Benue la Nàìjíríà kọjá lọ sí agbègbè Adágún Chad. Afẹ́fẹ́ tí hovercraft jókòó lé, ẹ̀rọ ni ó ń fẹ́ ẹ sí abẹ́ rẹ̀, nítorí náà ó lè rá bàbà lójú kan láì rìn. Afẹ́fẹ́ tí ọkọ̀ arábàbà jókòó lé, eré tí ó ń sá ni ó ń kó o jọ. Bí ó bá dẹ eré, omi ni yóò bá ara rẹ̀.

Ọkùnrin tí ó sọ ìmọ̀ yìí di ọkọ̀ ńlá ni Rostislav Alexeyev, tí wọ́n bí ní ọdún 1916. Ìlú Gorky, tí ń jẹ́ Nizhny Novgorod lónìí, létí odò Volga, ni ó ti ṣiṣẹ́. Ohun tí ó kọ́kọ́ sọ ọ́ di olókìkí ni ọkọ̀ ojú omi tí ó ní apá lábẹ́ omi, tí ń gbé ìdí ọkọ̀ kúrò nínú omi bí eré bá ti wọ̀ ọ́. Raketa, ọ̀kan nínú wọn, jáde ní ọdún 1957. Ṣùgbọ́n omi wúwo ju afẹ́fẹ́ lọ ní ìlọ́po bí 800, nítorí náà apá tí ó bá wà nínú omi ní ibi tí eré rẹ̀ mọ. Alexeyev rò ó pé bí ó bá jẹ́ omi ni ó ń dí ọ̀nà, kí a kúkú gbé apá náà jáde sínú afẹ́fẹ́. Ọkọ̀ ìdánwò rẹ̀ àkọ́kọ́, SM-1, jáde ní ọdún 1961. Nígbà tí ó di ọdún 1966, wọ́n gbé òmìrán kan dé Òkun Caspian. KM ni wọ́n kọ sí ara rẹ̀, ìyẹn ọkọ̀ àfiṣàpẹẹrẹ ní ìkékúrú èdè Rọ́ṣíà. Gígùn rẹ̀ jẹ́ 92 mítà, ìbú apá rẹ̀ jẹ́ 37.6 mítà, ìwúwo rẹ̀ pẹ̀lú ẹrù sì tó 544 tọ́ọ̀nù. Bí a bá to àjàgbé mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sí ẹ̀gbẹ́ ara wọn ni a tó lè rí ìbú apá rẹ̀. Bí a bá sì kó méjìdínlógún jọ, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wúwo tó 30 tọ́ọ̀nù, ni a tó lè rí ìwúwo rẹ̀. Síbẹ̀, eré rẹ̀ ju 400 kìlómítà lọ ní wákàtí kan. Nígbà tí àwọn ará Amẹ́ríkà rí àwòrán rẹ̀ láti ojú sánmà, wọn kò mọ ohun tí wọn yóò pè é. Àwọn kan wo lẹ́tà KM náà, wọ́n sì sọ ọ́ ní abàmì ẹ̀dá Òkun Caspian.

Ẹ̀rọ mẹ́wàá ni KM ní. Mẹ́jọ wà lápá iwájú, méjì wà lórí ìrù. Ẹni tí ó bá ti fi apá la omi kọjá nígbà tí ó ń lúwẹ̀ẹ́ mọ bí omi ti ń di nǹkan mú. Kí ọkọ̀ tó wúwo tó bẹ́ẹ̀ tó lè já ara rẹ̀ gbà lọ́wọ́ omi, ó nílò agbára tí ó pọ̀ ju èyí tí yóò fi rìn lọ. Àwọn ẹ̀rọ iwájú ni ó ń fẹ́ èéfín wọn sí abẹ́ apá láti ràn án lọ́wọ́ kí ó lè dìde. Bí ó bá ti dìde tán, ẹ̀rọ orí ìrù méjèèjì tó láti máa gbé e lọ. Ibí ni ọgbọ́n àti àléébù rẹ̀ ti pàdé: epo tí ó ń jẹ lójú ọ̀nà dínkù, ṣùgbọ́n ẹ̀rọ mẹ́jọ tí iṣẹ́ wọn ti parí ni ó ń rù kiri títí tí yóò fi dé ibi tí ó ń lọ.

Àléébù kejì le ju ti àkọ́kọ́ lọ. Bí gíga ọkọ̀ arábàbà bá ti ń yí padà, ojú ibi tí afẹ́fẹ́ ti ń gbé apá rẹ̀ náà ń yí padà. Bí imú rẹ̀ bá gbéra díẹ̀ ju bí ó ti yẹ lọ, ó lè fò jáde kúrò lórí tìmùtìmù afẹ́fẹ́ tí ó jókòó lé, bí ó bá sì ti jáde, ìgbésókè tí ó gbẹ́kẹ̀ lé ti lọ. Nítorí náà ni wọ́n fi ń fún un ní ìrù gbàǹgbà, tí wọ́n sì ń gbé e sí òkè réré níbi tí afẹ́fẹ́ ti tòrò. Ìrù náà ni ó ń mú un dọ́gba. Àléébù kẹta ni pé kò lè fi ẹ̀gbẹ́ kan dùbúlẹ̀ kí ó tó yà, gẹ́gẹ́ bí ọkọ̀ òfurufú ti ń ṣe, nítorí pé ṣóńṣó apá rẹ̀ yóò kan omi. Bí ó bá fẹ́ yà, ó ní láti yí gbẹ̀rẹ̀gẹ̀dẹ̀ lọ jìnnà.

Ìwọ̀nyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ inú ìwé lásán. Lẹ́yìn KM, Alexeyev kọ́ èyí tí ó kéré sí i, Orlyonok, tí gígùn rẹ̀ jẹ́ 58 mítà, tí ìwúwo rẹ̀ sì tó 140 tọ́ọ̀nù, kí ó lè máa kó àwọn ọmọ ogun kọjá omi. Ní ọdún 1975, wọ́n ń dán an wò lọ́wọ́ nígbà tí omi gbá a tó bẹ́ẹ̀ tí ẹ̀yìn rẹ̀ fi já bọ́ tòun ti ẹ̀rọ tí ó wà níbẹ̀. Alexeyev alára wà nínú rẹ̀. Ó gba ìtọ́kọ̀, ó sì fi àwọn ẹ̀rọ iwájú nìkan gbé ohun tí ó kù padà sí èbúté. Ọgbọ́n tí ó fi yọ ara rẹ̀ àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ kò gbà á lọ́wọ́ ìjọba. Wọ́n yọ ọ́ kúrò ní ipò olórí. Ó kú ní oṣù February ọdún 1980. Ní ọdún kan náà ni KM já sínú Òkun Caspian. Ìwúwo rẹ̀ kò jẹ́ kí wọ́n lè gbé e jáde, ó sì rì síbẹ̀. Ní ọdún 1992, Orlyonok kan tún já, ó sì gba ẹ̀mí.

Lun ni ọkọ̀ ogun tí ó tẹ̀ lé wọn. Wọ́n sọ ọ́ sómi ní ọdún 1986, pẹ̀lú ẹ̀rọ mẹ́jọ àti ohun ìjà ńlá mẹ́fà ní ẹ̀yìn rẹ̀. Wọ́n ti ń kọ́ èkejì rẹ̀ lọ́wọ́ nígbà tí ọkọ̀ abẹ́ omi Komsomolets rì ní oṣù April ọdún 1989. Ènìyàn 42 ni ó kú, púpọ̀ nínú wọn sì jẹ́ ẹni tí ó ti jáde kúrò nínú ọkọ̀, ṣùgbọ́n tí òtútù omi pa kí olùgbàlà tó dé. Ìbànújẹ́ yìí ni ó mú kí wọ́n yí èkejì Lun padà kúrò ní ọkọ̀ ogun sí ọkọ̀ agbẹ̀mílà, tí wọ́n pè ní Spasatel, ìyẹn Olùgbàlà. Ọkọ̀ tí ó yá bí ọkọ̀ òfurufú, tí ó sì lè jókòó sójú omi láti kó ènìyàn, ta ni kò ní fẹ́ irú rẹ̀? Ṣùgbọ́n nígbà tí ìjọba Sófíẹ́ẹ̀tì tú ká ní ọdún 1991, owó tán, iṣẹ́ náà sì dúró. Ní ti Lun, ní ọdún 2020 ni wọ́n wọ́ ọ lọ sí etí òkun Derbent kí àwọn ènìyàn lè máa wò ó.

Àìsówó kì í ṣe ìdí kan ṣoṣo. Ọ̀rọ̀ àdán wà nínú rẹ̀ pẹ̀lú. Àwọn ológun ojú omi wò ó, wọ́n rí ọkọ̀ òfurufú. Àwọn ológun òfurufú wò ó, wọ́n rí ọkọ̀ ojú omi. Ẹni tí yóò wà á gbọ́dọ̀ gbọ́ èdè méjèèjì, ẹni tí yóò tún un ṣe sì gbọ́dọ̀ mọ iṣẹ́ méjèèjì. Òfin pàápàá pẹ́ kí ó tó mọ ibi tí yóò tò ó sí. Ní ọdún 2001 ni àjọ àgbáyé tí ń bójú tó ìrìnnà ojú omi fi orúkọ rẹ̀ sínú òfin ojú òkun, òfin náà sì bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọdún 2003. Ohun tí ó sọ yé gbogbo ènìyàn: bí ọkọ̀ arábàbà bá ń gbéra, tàbí tí ó ń balẹ̀, tàbí tí ó ń fò nítòsí omi, òun ni kí ó yà fún gbogbo ọkọ̀ yòókù. Èyí túmọ̀ sí pé ọkọ̀ òmìrán tí ń sá eré 400 kìlómítà ní láti yàgò fún apẹja inú ọkọ̀ àjẹ̀. Òfin náà dára. Ṣùgbọ́n ọkọ̀ tí kò lè tètè yà, báwo ni yóò ṣe yà fún ọkọ̀ àjẹ̀ ogójì?

Níbí ni ọ̀rọ̀ ti kan ilé. Ẹni tí ó bá dúró létí odò Ọ̀sẹ̀ mọ̀ pé ọkọ̀ arábàbà kò ní ohun tí yóò ṣe níbẹ̀. Odò náà ń ṣe kọ́rọkọ̀rọ, igi bò ó lápá méjèèjì, ẹ̀ẹ̀rùn a sì máa dín omi rẹ̀ kù. Ọ̀nà Ìfọ̀n àti Ìdóàní ń fẹ́ ọ̀dà àti afárá tí ó dúró ṣinṣin. Ṣùgbọ́n omi Ọ̀sẹ̀ kì í dúró síbẹ̀. Ìhà gúúsù ni ó ń ṣàn lọ, títí tí ó fi dé àwọn omi etí òkun. Ní ìpínlẹ̀ Ońdó kan náà, àwọn ará Ìlàjẹ wà ní ìhà òkun, tí ó jẹ́ pé ojú omi ni ọ̀nà wọn, tí ó sì jẹ́ pé inú ọkọ̀ ojú omi ni wọ́n ti ń gbé aboyún àti aláìsàn lọ sí ibi tí ìtọ́jú wà. Owó orí ará Ọ̀wọ̀ àti ará Ọ̀sẹ̀ wà nínú àpò tí a ó ti mú ohunkóhun tí a bá rà fún wọn. Ọ̀rọ̀ náà kì í sì í ṣe ti àtijọ́ mọ́, nítorí pé ní ọdún 2025, ilé-iṣẹ́ Regent ní Amẹ́ríkà ń dán irú ọkọ̀ yìí wò lójú omi, èyí tí wọ́n ṣe fún èrò méjìlá, tí iná bátìrì sì ń gbé e. Kò ní pẹ́ tí oníṣòwò kan yóò fi gbé àwòrán rẹ̀ tọ àwọn aláṣẹ wá.

Nígbà tí ọjọ́ náà bá dé, àwòrán kọ́ ni kí a wò, omi ni kí a wò. Báwo ni ìbú apá rẹ̀ ti tó, kí a lè mọ gíga tí yóò máa fò? Báwo ni ìgbì ibẹ̀ ti ń ga tó nígbà òjò? Ṣé ojú omi náà gùn gbọọrọ, ó sì ṣófo, àbí àwọn apẹja àti àwọ̀n wọn ni ó kún un? Ta ni yóò wà á, ta ni yóò sì tún un ṣe bí ó bá bàjẹ́? Òkun Caspian fẹ̀ lọ salalu, síbẹ̀ KM rì síbẹ̀.

Ilé-ẹ̀kọ́ gíga Rufus Giwa Polytechnic wà ní Ọ̀wọ̀ láti ọdún 1979. Kò sí ohun tí ó ní kí àwọn ọ̀dọ́ tí ń kọ́ iṣẹ́ ẹ̀rọ níbẹ̀ má gbé pákó fẹ́ẹ́rẹ́fẹ́ kí wọ́n fi gbẹ́ ọkọ̀ arábàbà kékeré, kí wọ́n tì í sórí omi tí ó dákẹ́ rọ́rọ́, kí wọ́n sì wọn bí ìfàsẹ́yìn rẹ̀ ti ń dínkù bí ó ti ń súnmọ́ omi. Pẹ̀lú ọkọ̀ kékeré tí a kọ́ fún ìdánwò ni Alexeyev ti bẹ̀rẹ̀. Ẹni tí ó bá ti wọn ohun kékeré fúnra rẹ̀ ni kì í gba ohun ńlá ní àgbàgbọ́, ìpínlẹ̀ tí ó bá sì ní irú ẹni bẹ́ẹ̀ lọ́pọ̀ kì í fi owó ará ìlú ra ohun tí omi rẹ̀ kò lè gbà.